Ẹ Yé Fi Remo Stars Ṣe Yẹ̀yẹ́ Bí Ẹ Ò Bá Tíì San Owó Ìwọlé Rí

Márùn-ún sí ẹyọ kan. Bí Mamelodi Sundowns ṣe na Remo Stars nìyẹn ní Abẹ́òkúta, nílé wa níbí, nínú oṣù kẹwàá ọdún 2025. Nígbà tí wọ́n tún pàdé ní Pretoria, méjì sí òdo. Ẹ ro ó pọ̀, méje sí ẹyọ kan. Ẹgbẹ́ tó gba ife líìgì Nàìjíríà ní oṣù mélòó kan ṣáájú ìgbà náà, ẹgbẹ́ ìpínlẹ̀ Ògùn, ni wọ́n lé jáde nínú CAF Champions League kí wọ́n tó pín àwọn ẹgbẹ́ sí ìsọ̀rí-ìsọ̀rí.

Ó dùn wá. Ṣùgbọ́n góólù méje kọ́ ló mú wa jókòó kọ èyí. Ẹnu tí àwọn èèyàn wa fi sọ̀rọ̀ lẹ́yìn rẹ̀ ni. Ní Asese, ní Mowe, ní Ibafo, nínú họ́sítẹ́ẹ̀lì, lórí WhatsApp, kò síbi tí wọn ò ti fi ẹgbẹ́ yìí ṣẹ̀sín. Ẹnì kan ní kí wọ́n lọ máa ta obì ní Ṣágámù. Ẹnì kan ní wọ́n ti dójú ti gbogbo ọmọ Yorùbá. Ọ̀kan tí a jọ wà ní kíláàsì kan náà gbé àwòrán apẹ̀rẹ̀ ẹja síta, ó ní àwọ̀n Remo Stars nìyí. A ní kó dárúkọ agbábọ́ọ̀lù mẹ́ta péré nínú ẹgbẹ́ náà. Kò rí ẹyọ kan dá. A ní ó dáa, kí ló jẹ́ àwọ̀ aṣọ wọn? Ó ní ṣé kì í ṣe àwọ̀ ewé ni. Búlúù ni o. Sky Blue Stars gan-an ni ìnagijẹ tí wọ́n ń pè wọ́n.

Ẹni tó dá èsúsú ló lè bínú pé olórí èsúsú sá lọ. Ẹni tí kò dá kọ́bọ̀, tó kàn ń gba ibẹ̀ kọjá, kí ló kàn án níbẹ̀? Ohun tí a fẹ́ sọ fún àwọn akẹgbẹ́ wa nìyẹn, a ó sì sọ ọ́ láìfi bọpo bọyọ̀: ẹ̀yin tí ẹ ń pariwo pé Remo Stars já yín kulẹ̀, ẹ ò tíì gbé ohunkóhun lé wọn lọ́wọ́ rí tí wọ́n lè fi já yín kulẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ ọ̀nà, nítorí àwọn kan ń ṣe bí ẹni pé òkè òkun ni Ìkẹ́nnẹ́ wà. Asese wà lójú ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Ìbàdàn, láàrin Ibafo àti Mowe. Ẹni tó bá wọ ọkọ̀ níbẹ̀, tó gba Mowe kọjá, tó kọjá Redemption City, títí tó fi dé oríta Ṣágámù, ó ti rin èyí tó pọ̀ jù nínú ìrìn àjò náà. Ọkọ̀ kan sí i, ó di Ìkẹ́nnẹ́, ìlú Awólọ́wọ̀, ìlú tí Tai Ṣólàárín dá Mayflower sílẹ̀ sí ní 1956. Bí kì í bá ṣe ọjọ́ Jímọ̀ àkọ́kọ́ nínú oṣù, tí àwọn tó ń lọ Holy Ghost Service ti gba gbogbo ojú títì, wàhálà ibẹ̀ kò tó ti ẹni tó ń ti Asese lọ sí Ojota láàárọ̀ ọjọ́ Mọ́ńdè. A sì ń lọ sí Ojota. A kì í pariwo pé ó jìnnà.

Nísinsìnyí, ẹ wo ibi tí owó wa ń lọ. Lọ́jọ́ Sátidé ní Asese, kí aago méjì ọ̀sán tó lù, àga oníke ti kún inú àwọn ilé ìwòran bọ́ọ̀lù. Jẹnẹrétọ̀ ń ké lẹ́yìn ilé, ooru ń mú, gbogbo ojú ń wo Emirates tàbí Old Trafford. Ká ní ọ̀ọ́dúnrún náírà ni wọ́n ń gbà lórí eré kan. Ẹni tó bá ń wo eré méjì lọ́sẹ̀, tí a sì ka ọ̀sẹ̀ méjìdínlógójì fún sáà kan, ti ná 22,800 náírà. A ò tíì ka jẹ́sì. A ò tíì ka ti ṣọ́ọ̀bù tẹ́tẹ́ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, níbi tí wọ́n ti ń já owó oúnjẹ ọ̀sẹ̀ kan sórí bóyá Bournemouth á gbá bọ́ọ̀lù wọlé kí wọ́n tó lọ ìsinmi. A ò ní kí ẹnikẹ́ni fi Arsenal sílẹ̀ o. Ọ̀kan nínú àwa tí a jọ ń kọ èyí jẹ́ ti Arsenal láti kékeré, ìyà ìyẹn ti tó o láìsí pé a fi kún un. Ohun tí a ń sọ ni pé owó wà. Àkókò wà. Ìfẹ́ bọ́ọ̀lù wà lọ́pọ̀lọpọ̀. Ẹgbẹ́ tó wà nítòsí ni kò rí nínú rẹ̀ gbà.

Àwọn tó ń bú Remo Stars yìí kò tilẹ̀ mọ ohun tí wọ́n ń bú. Ní 2004 ni Kunle Soname dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀. Ní 2017, wọ́n já kúrò nínú líìgì àgbà. Ọdún yẹn kan náà ni Shooting Stars ti Ìbàdàn já, tó fi di pé ẹgbẹ́ méjèèjì jọ ko ìyà. Lẹ́yìn ìgòkè àti ìsọ̀kalẹ̀, àwọn méjèèjì tún jọ gòkè ní 2021. Kí ni Remo Stars wá fi ìgòkè náà ṣe? Ní 2022, ipò kẹta. Ní 2023, ipò kejì. Ní 2024, ipò kejì lẹ́ẹ̀kan sí i. Ní 2025, wọ́n gba ife nígbà tó ṣì ku eré mẹ́ta kí líìgì parí. Láti ìgbà tí Julius Berger ti Èkó ti gba líìgì ní ọdún 2000, kò tíì sí ẹgbẹ́ kan láti ilẹ̀ Yorùbá tó tún gbà á. Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n! Ọ̀pọ̀ nínú wa ni wọn ò tíì bí nígbà yẹn.

Lọ́jọ́ tí wọ́n gba ife náà, ní ìparí oṣù kẹrin, kò sí ariwo ní àdúgbò wa. Ìró jẹnẹrétọ̀ la gbọ́. Ṣùgbọ́n ní oṣù kẹwàá tí góólù márùn-ún wọlé, gbogbo ayé di ọmọ Rẹ́mọ. Irú ìbátan wo nìyẹn, tó jẹ́ ọjọ́ òkú nìkan ló ń yọjú, tí kò sì mú aṣọ wá?

Ẹ jẹ́ ká wá sọ ìdí tí wọ́n fi jẹ ẹ́, nítorí àwọn tó ní àwọn agbábọ́ọ̀lù náà ya ọ̀lẹ kò mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Nígbà tí Remo Stars gba líìgì, 200 mílíọ̀nù náírà ni wọ́n kéde fún ẹni tó bá gba ife. Ó dún bí owó ńlá. Ẹ pín in pẹ̀lú iye tí wọ́n ń ta dọ́là lásìkò náà, ẹ ó rí i pé kò ju nǹkan bí 130,000 dọ́là lọ. Lára rẹ̀ ni ẹ ó ti san owó oṣù, owó mọ́tò láti Ìkẹ́nnẹ́ dé Maiduguri, òtẹ́ẹ̀lì, oògùn, àti tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ òfúrufú lọ sí Comoros, níbi tí wọ́n ti kọ́kọ́ lọ bá US Zilimadjou, tí wọ́n sì yọ ọ́ lẹ́nu ìdíje.

Sundowns ńkọ́? Ní oṣù kẹfà ọdún 2025, wọ́n wà ní Amẹ́ríkà nínú ìdíje ife àgbáyé àwọn kílọ́ọ̀bù. FIFA ti ya 9.55 mílíọ̀nù dọ́là sọ́tọ̀ fún ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan tó wá láti Áfíríkà kí wọ́n tó tapá sí bọ́ọ̀lù kankan. Ìlọ́po tó ju àádọ́rin lọ ni iye yẹn jẹ́ sí ẹ̀bùn tí Remo Stars rí fún gbogbo sáà kan. Níbẹ̀, Sundowns na Ulsan ti Kòríà, wọ́n gbá ọ̀mì pẹ̀lú Fluminense, wọ́n sì gbá góólù mẹ́ta wọ àwọ̀n Dortmund ti Jámánì, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìyẹn na wọ́n mẹ́rin sí mẹ́ta. Líìgì wọn nílé, wọ́n ti gbà á ní ìgbà mẹ́jọ léraléra. Ẹgbẹ́ tó wá sí Abẹ́òkúta nìyẹn. Àwọn ọmọkùnrin tí wọ́n kọ́ ní Ìkẹ́nnẹ́ ló sì dúró dè wọ́n.

Ẹnì kan á sọ pé Rivers United tó ṣe ipò kejì ńkọ́? Ṣebí líìgì kan náà ni wọ́n ti wá, ṣebí wọ́n wọ ìsọ̀rí. Òótọ́ ni, a kí wọn kú oríire. Ṣùgbọ́n Black Bulls ti Mòsáḿbíìkì ni Rivers pàdé nígbà tí Remo Stars pàdé Sundowns. Ìbò tí wọ́n mú ló dá èyí. Owó wà nínú ọ̀rọ̀ ìbò yìí náà, nítorí CAF máa ń wo ohun tí ẹgbẹ́ kan ti ṣe lọ́dún mélòó kan sẹ́yìn kí wọ́n tó pinnu ẹni tó máa yẹra fún ẹni. Remo Stars kò tíì ní ìtàn kankan níbẹ̀. Ní 2022, AS FAR ti Mòrókò lé wọn jáde nínú Confederation Cup. Ní 2023, Medeama ti Gánà yọ wọ́n pẹ̀lú pẹnárítì. Ní 2024, AS FAR lẹ́ẹ̀kan sí i, lẹ́yìn tí Remo Stars ti na wọ́n méjì sí ẹyọ kan nílé. Ọdún 2025 yìí ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá ìpele kan. Ẹgbẹ́ tó bá wọ ìsọ̀rí nínú Champions League, ì báà ṣe òun ló gbẹ́yìn níbẹ̀, kì í gbà kéré sí 700,000 dọ́là. Ẹ rí i pé ìlẹ̀kùn tó yẹ kí wọ́n gbà wọlé kí wọ́n lè di olówó, àwọn olówó ló dúró sẹ́nu rẹ̀.

A ò sọ pé owó nìkan ni. Ẹni tó bá wò ó dáadáa mọ̀ pé ìjà tí Remo Stars jà ní Abẹ́òkúta kò dáa. Èèyàn lè pàdánù lọ́wọ́ Sundowns pẹ̀lú ẹyọ kan sí òdo kó sì lọ sí Pretoria pẹ̀lú ìrètí. Márùn-ún nílé ẹni ti kọjá ìyẹn. Ẹ̀yìn wọn ṣí sílẹ̀ bí ọjà tí wọn ò tíì kọ́ ògiri sí. Ibi tí a ti bi ara wa léèrè ni pé báwo ni ẹgbẹ́ tó le nínú líìgì ṣe di bẹ́ẹ̀ láàrin oṣù mẹ́fà? Nǹkan méjì la rí.

Àkọ́kọ́ ni ìgbáradì. Daniel Ogunmodede, kọ́ọ̀ṣì tó gba ife fún wọn, ni àjọ bọ́ọ̀lù Nàìjíríà tún fi ṣe ọ̀kan nínú àwọn igbákejì Éric Chelle nínú Super Eagles láti ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2025. Ọlá ńlá ni fún Ìkẹ́nnẹ́. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ méjì ni. Ní oṣù kẹjọ, ìdíje CHAN wáyé ní Kẹ́ńyà, Tàǹsáníà àti Ùgáńdà, àwọn agbábọ́ọ̀lù Remo Stars sì wà nínú ẹgbẹ́ Nàìjíríà tí Sudan na mẹ́rin sí òdo. Wọ́n ń padà bọ̀ láti ibẹ̀ pẹ̀lú ojú ọgbẹ́ ni líìgì tuntun ń bẹ̀rẹ̀, tí Champions League náà sì ń kanlẹ̀kùn. Ta ló kọ́ wọn ní eré tuntun? Ìgbà wo ni wọ́n sinmi?

Èkejì ni pé agbábọ́ọ̀lù tó bá tàn ní líìgì wa, ẹ̀ka igi ló bà sí, kì í pẹ́ níbẹ̀. Ajẹnti á pè é. Wọ́n á ní kó máa bọ̀ ní Tàǹsáníà, ní Líbíà, ní Swídìn, ibikíbi tí owó oṣù á ti máa wọlé lásìkò. Ta ló lè bá a wí? Ẹgbẹ́ náà gan-an fẹ́ tà á, torí títa ni wọ́n fi ń jẹun. Òfin FIFA tilẹ̀ ní kí wọ́n pín ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún owó tí wọ́n bá fi ra agbábọ́ọ̀lù fún àwọn ẹgbẹ́ tó kọ́ ọ láàrin ọmọ ọdún 12 sí 23, nítorí náà ọmọ tí wọ́n bá tọ́ ní Ìkẹ́nnẹ́ ṣì lè mú owó wá lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá. Kì í ṣe ìwà ọ̀kánjúà. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nìyẹn sí ẹgbẹ́ tí kò rówó lẹ́nu géètì, tí kò rówó lọ́wọ́ tẹlifíṣọ̀n, tí kò sì ta jẹ́sì. Nǹkan kan ṣoṣo tó kù tó lè tà ni èèyàn. Ẹni tó bá sì ta ẹsẹ̀ rẹ̀ ní oṣù keje, kí ló fẹ́ fi sáré ní oṣù kẹwàá?

Ìdáhùn tí a máa ń gbọ́ sí èyí ni pé, "Ṣebí Soname lówó." Bẹ́ẹ̀ ni, ó lówó. Ó wà lára àwọn tó dá Bet9ja sílẹ̀, ó sì ra Feirense ní Pọtogí ní 2015. Ẹ jẹ́ ká dúró díẹ̀ níbí, torí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ yìí ti ń dun wá jù. Ẹ̀yin ọmọ Asese tí ẹ ń fi Chelsea ta tẹ́tẹ́ lójoojúmọ́, tí ẹ wá ń sọ pé kí ọkùnrin náà lọ kó owó jáde kó fi ra agbábọ́ọ̀lù fún yín, ohun tí ẹ ń sọ ni pé kí ẹnì kan ṣoṣo gbé bọ́ọ̀lù odidi ìpínlẹ̀ kan lérí, kí gbogbo wa sì jókòó máa fi ẹnu gbà á.

Irú rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ rí. Ní Abẹ́òkúta yìí kan náà, MKO Abíọ́lá dá Abiola Babes sílẹ̀. Wọ́n gba ife Challenge Cup ní 1985, wọ́n tún gbà á ní 1987. Rashidi Yekini gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀, lẹ́yìn tó kúrò ní Shooting Stars. Yekini yìí ni Yekini tó gbá góólù àkọ́kọ́ fún Nàìjíríà nínú ife àgbáyé, tó di àwọ̀n Bulgaria mú ní 1994. Ìpínlẹ̀ wa ni ọkùnrin náà ti lò lára ọjọ́ orí rẹ̀ tó dára jù. Níbo ni Abiola Babes wà lónìí? Nígbà tí olówó ẹgbẹ́ náà ká ọwọ́ rẹ̀ kò, ẹgbẹ́ náà pa rẹ́. Kò sí ẹgbẹ́ alátìlẹyìn tó lè sọ pé, "Ẹ dúró ná, ti wa ni." Ẹ tún wo Stationery Stores l'Ékòó. Wọ́n ní èrò tó lè wó ògiri, wọ́n gba líìgì ní 1992, síbẹ̀ ìjà lórí ẹni tó ni ẹgbẹ́ lẹ́yìn ikú Israel Adebajo, olùdásílẹ̀ rẹ̀, kò jẹ́ kó gbádùn. Àwọn bàbá wa ṣì ń fi omijé sọ̀rọ̀ rẹ̀ ní ìdí ayò.

Èyí ni ìbẹ̀rù wa nípa Remo Stars. Kì í ṣe pé Sundowns na wọ́n méje. Ẹgbẹ́ tó ṣì wà láàyè ni wọ́n ń nà ní méje. Ẹ̀rù tó ń bà wá ni pé lọ́jọ́ kan, ó lè rẹ ẹni tó ń gbé e, pápá tó wà ní Ìkẹ́nnẹ́ á wá di ibi tí ewúrẹ́ ti ń jẹko, àwa náà á wá di àgbà, a ó máa sọ fún ọmọ wa pé ẹgbẹ́ kan wà rí.

Ẹ fi wé Shooting Stars. Ẹgbẹ́ yẹn ti já kúrò nínú líìgì ní 2006 àti ní 2017, wọ́n ti rí ìtìjú. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí wọ́n bá ń gbá bọ́ọ̀lù ní Adamasingba, ẹ lọ wo èrò. Ìyá aládìn-ín wà níbẹ̀, awakọ̀ wà níbẹ̀, àwọn arúgbó tó rí Muda Lawal àti Segun Odegbami nígbà tí wọ́n gba ife Áfíríkà ní 1976 wà níbẹ̀, wọ́n ń bú kọ́ọ̀ṣì, wọ́n ń bú alága. A gbà pé owó ìjọba Ọ̀yọ́ ló ń gbé 3SC dúró, kì í ṣe owó géètì. Síbẹ̀ kò sí gómìnà tó láyà láti pa ẹgbẹ́ yẹn, nítorí ó mọ̀ pé Ìbàdàn á dìde. Àwọn ará Ìbàdàn tó ń bú 3SC, ẹ jẹ́ kí wọ́n máa bú u. Wọ́n ti sanwó rẹ̀. Orí òkúta àti nínú oòrùn ni wọ́n ti sanwó rẹ̀.

A mọ̀ pé àwọn kan á ní a ti di agbẹnusọ fún ẹgbẹ́ náà. Rárá o. Àwọn alákòóso Remo Stars ní ẹjọ́ láti jẹ́. Láti Ibafo dé Mowe, àwọn èèyàn tó wà níbẹ̀ pọ̀ ju èrò inú ọ̀pọ̀ ìlú lọ, ọ̀dọ́ ló sì pọ̀ jù nínú wọn, ṣùgbọ́n títí di bí a ṣe ń kọ èyí, a ò tíì rí pátákó kan ṣoṣo lójú ọ̀nà wa tó ní, "Remo Stars ń gbá bọ́ọ̀lù lọ́jọ́ Àìkú, ẹ wá." Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì ló ní pátákó. Gbogbo oníṣòwò ilẹ̀ ló ní pátákó. Ẹgbẹ́ tó gba ife Nàìjíríà kò ní. Kò sí jẹ́sì wọn ní ọjà Mowe, ti Barcelona ayédèrú ló kún ibẹ̀. Wọn kì í ṣàlàyé fún àwọn alátìlẹyìn ẹni tí wọ́n tà àti ìdí tí wọ́n fi tà á. Ẹ ò lè ta ọkùnrin tí àwọn ọmọdé ń kọ orúkọ rẹ̀ sẹ́yìn aṣọ, kí ẹ má sọ nǹkan kan, kí ẹ sì retí pé àwọn ọmọdé náà á padà wá.

Ẹjọ́ líìgì ńkọ́? Láti ìgbà tí SuperSport ti kó kámẹ́rà rẹ̀ kúrò ní 2017, líìgì wa kò tíì rí ẹni tó gbé e sórí tẹlifíṣọ̀n bí ó ṣe yẹ. Wọ́n ní orí fóònù la ó ti máa wò ó. Dátà ta ni? Akẹ́kọ̀ọ́ tó ń ra dátà ogúnrun náírà láti fi gba nóòtì kíláàsì ni ẹ ní kó wo bọ́ọ̀lù wákàtí méjì.

Ó tún ku àwáwí méjì tí a fẹ́ dáhùn kí a tó dákẹ́. Àwọn kan ní bọ́ọ̀lù ilé kò dùn, pé onílé ló máa ń borí, pé rẹfirí ti gba nǹkan. Nígbà kan, òtítọ́ inú ọ̀rọ̀ yẹn pọ̀ gan-an. Ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ kan kì í fi ẹsẹ̀ rẹfirí gba ife nígbà tó ṣì ku eré mẹ́ta. Ẹ wá sí Ìkẹ́nnẹ́ kí ẹ wo bí wọ́n ṣe ń gbá bọ́ọ̀lù nílẹ̀, láti ẹ̀yìn wá síwájú, lórí koríko tó tẹ́jú. Ọ̀pọ̀ èèyàn tó ní bọ́ọ̀lù ilé kò dùn, ọdún 2009 ni wọ́n wò ó gbẹ̀yìn, lórí tẹlifíṣọ̀n aláwọ̀ ìrì.

Èkejì ni àwọn tó ní àwọn ò lówó. Sí àwọn wọ̀nyí, a kàn fẹ́ kí wọ́n padà sókè lọ wo 22,800 náírà yẹn.

Ní ti sáà 2025/26, bí wọ́n ṣe padà sínú líìgì lẹ́yìn Pretoria, ara wọn kò yá gágá mọ́, gbogbo wa la rí i. Ẹgbẹ́ tó ń sáré lọ́dún tó kọjá ti ń rìn. Àkókò tí ẹgbẹ́ máa ń nílò èèyàn nìyí, kì í ṣe oṣù kẹrin tí ife ti wà lórí tábìlì. Bí ẹ bá fẹ́ bú Ogunmodede, ẹ wá bú u lójú rẹ̀, láti orí ìjókòó tí ẹ san owó rẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ sọ fún Soname pé títà ti pọ̀ jù, ẹ gbé pátákó dání kó kà á. Ẹgbẹ̀rún èèyàn tó ń bínú nínú pápá lágbára ju ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá tó ń rẹ́rìn-ín lórí fóònù lọ. Ẹ̀yin tí ẹ ti jáde yunifásítì, tí ẹ ti ń ṣiṣẹ́ l'Ékòó, tí ẹ sì máa ń gba Asese kọjá lọ sílé ní ìparí ọ̀sẹ̀, ọ̀rọ̀ yìí kàn yín ju wa lọ. Owó yín ju tiwa lọ, ẹ sì ní mọ́tò.

Ọjọ́ Àìkú tí Remo Stars bá tún máa gbá bọ́ọ̀lù nílé, bọ́ọ̀sì ẹlẹ́ni mẹ́rìnlá kan á gbéra ní ibùdókọ̀ Asese ní aago mọ́kànlá àárọ̀. Àwọn tó ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì á ti jáde ìsìn àkọ́kọ́, a sì ti bá awakọ̀ náà sọ̀rọ̀ lórí iye tó máa gbà ní àlọ àti àbọ̀. Ẹni kọ̀ọ̀kan ló máa san owó ọkọ̀ tirẹ̀, ẹni kọ̀ọ̀kan ló sì máa san owó ìwọlé tirẹ̀ lẹ́nu géètì. A ò gbọdọ̀ bẹ ẹnikẹ́ni kó jẹ́ ká wọlé lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹni tó gbé àwòrán apẹ̀rẹ̀ ẹja yẹn ti ní òun ń bọ̀, ó ní òun fẹ́ fojú ara òun rí àwọ̀n náà. Àwa mẹ́fà ti fi orúkọ sílẹ̀, òun ló ṣe ìkeje. Àyè méje ló kù.